Stephen Keshi

Stephen Okechukwu Keshi (ọjọ́ 23 oṣù Kìíní ọdún 1962 – ọjọ́ 8 oṣù Kẹfà ọdún 2016) jẹ́ agbábọ́ọ̀lù àti akọ́nimọ̀ọ́gbá ọmọ orílẹ̀-èdè Nàìjíríà. Òun ni balógun ikọ̀ Super Eagles tó gba Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà ní ọdún 1994, òun náà sì ni akọ́nimọ̀ọ́gbá ikọ̀ yìí nígbà tí wọ́n tún ife náà gbà ní ọdún 2013. Lẹ́yìn Mahmoud El-Gohary ti ilẹ̀ Íjíbítì, òun ni ẹnì kejì tó gba ife yìí gẹ́gẹ́ bí agbábọ́ọ̀lù tó sì tún gbà á gẹ́gẹ́ bí akọ́nimọ̀ọ́gbá. Orúkọ ìnagijẹ tí àwọn ènìyàn mọ̀ ọ́n sí ni "Big Boss".

Ìbẹ̀rẹ̀ ayé àti ẹ̀kọ́

Ìlú Azare, tó wà ní Ìpínlẹ̀ Bauchi lónìí, ni wọ́n ti bí Keshi, ṣùgbọ́n ọmọ Illah ní Ìpínlẹ̀ Delta ni àwọn òbí rẹ̀. Ìlú Èkó ni ó dàgbà sí. Ó kàwé ní St. Finbarr's College ní Akoka, ilé-ẹ̀kọ́ girama tí òkìkí rẹ̀ kàn nínú eré bọ́ọ̀lù láàárín àwọn ilé-ẹ̀kọ́ ìlú Èkó, tó sì tún jẹ́ ilé-ẹ̀kọ́ Henry Nwosu.

Iṣẹ́ agbábọ́ọ̀lù

Ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù ACB ti ìlú Èkó ni Keshi ti bẹ̀rẹ̀, kí ó tó lọ sí New Nigeria Bank ní ìlú Benin. Ẹ̀yìn ni ó máa ń gbá, níwájú aṣọ́lé. Ní ọdún 1985, aáwọ̀ ṣẹlẹ̀ láàárín òun àti àjọ tó ń darí eré bọ́ọ̀lù ní Nàìjíríà lórí ìpè sí ibùdó ìgbaradì ikọ̀ orílẹ̀-èdè, àjọ náà sì fòfin dè é. Èyí ló mú kí ó kọjá sí Côte d'Ivoire, níbi tó ti gbá bọ́ọ̀lù fún Stade d'Abidjan àti Africa Sports.

Láti ibẹ̀ ni ó ti dé ilẹ̀ Bẹ́ljíọ̀m. Ó kọ́kọ́ wà ní Lokeren, lẹ́yìn náà ni Anderlecht gbà á ní ọdún 1987. Ọdún mẹ́rin tó lò níbẹ̀ ni ìgbà tí iṣẹ́ rẹ̀ ní Yúróòpù gbòòrò jù lọ. Ó gba ife ilẹ̀ Bẹ́ljíọ̀m ní ọdún 1988 àti 1989, ó sì gba líìgì ní ọdún 1991. Ní ọdún 1990, ó wà lórí pápá nínú àṣekágbá ife àwọn tó gba ife orílẹ̀-èdè ní Yúróòpù, èyí tí Sampdoria ti ilẹ̀ Ítálì fi àmì ayò 2 sí òdo borí Anderlecht ní ìlú Gothenburg. Lẹ́yìn èyí ó lọ sí Strasbourg ní ilẹ̀ Faransé, ó padà sí Bẹ́ljíọ̀m fún ẹgbẹ́ RWDM, ó sì parí iṣẹ́ agbábọ́ọ̀lù rẹ̀ ní Amẹ́ríkà àti Malaysia.

Ní àkókò tí Keshi dé Bẹ́ljíọ̀m, àwọn ọmọ Nàìjíríà tó ń fi bọ́ọ̀lù gbígbá jẹun ní Yúróòpù kò pọ̀. Ó ran àwọn agbábọ́ọ̀lù mìíràn lọ́wọ́ láti rí ẹgbẹ́ ní òkè òkun, ìdí nìyí tí ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ń pè é ní ẹni tó la ọ̀nà fún àwọn tó tẹ̀lé e.

Nínú ikọ̀ orílẹ̀-èdè, ó wà lára àwọn tó dé àṣekágbá Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà ní ọdún 1984 àti 1988. Kamẹrúùnù ló borí wọn ní ìgbà méjèèjì. Ọdún 1994 ni ìfẹ́ ọkàn rẹ̀ ṣẹ ní ìlú Tunis, nígbà tí Nàìjíríà fi àmì ayò 2 sí 1 borí Zambia lábẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá Clemens Westerhof. Ní ọdún yẹn kan náà, Nàìjíríà lọ sí Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé fún ìgbà àkọ́kọ́, Keshi sì bá wọn lọ sí Amẹ́ríkà ní ẹni ọdún 32.

Iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá

Igbákejì lábẹ́ Amodu

Keshi kọ́ iṣẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá ní Amẹ́ríkà. Nígbà tó padà sílé, ó di igbákejì Shaibu Amodu, pẹ̀lú Joe Erico. Àwọn mẹ́ta yìí ló mú Nàìjíríà yege fún Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé ọdún 2002. Ṣùgbọ́n lẹ́yìn tí ikọ̀ náà ṣe ipò kẹta ní Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà ní Mali ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún náà, wọ́n yọ àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, Adegboye Onigbinde ló sì kó ikọ̀ lọ sí Japan àti South Korea.

Togo àti Mali

Ní ọdún 2004, Keshi di akọ́nimọ̀ọ́gbá Togo. Orílẹ̀-èdè kékeré yìí kò tíì dé Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé rí, ìsọ̀rí kan náà ni ó sì wà pẹ̀lú Senegal, tó ti wà lára ikọ̀ mẹ́jọ tó gbẹ̀yìn ní àgbáyé ní ọdún 2002. Pẹ̀lú ọ̀pọ̀ góòlù láti ẹsẹ̀ Emmanuel Adebayor, Togo ló ṣe ipò kìíní. Ọjọ́ 8 oṣù Kẹwàá ọdún 2005 ni wọ́n fi àmì ayò 3 sí 2 borí Congo ní Brazzaville láti fi ìdí rẹ̀ múlẹ̀.

Ayọ̀ náà kò tọ́jọ́ fún Keshi. Ní Íjíbítì ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2006, Togo pàdánù ìdíje mẹ́tẹ̀ẹ̀ta tí wọ́n gbá nínú Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà, aáwọ̀ sì wà láàárín òun àti Adebayor. Wọ́n yọ ọ́ níṣẹ́, wọ́n sì fi Otto Pfister, ọmọ ilẹ̀ Jámánì, rọ́pò rẹ̀ kí ìdíje àgbáyé tó bẹ̀rẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kejì nìyí tí ikọ̀ tí ó bá ṣiṣẹ́ lọ sí Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé láìsí òun níbẹ̀. Ó tún padà darí Togo, ó sì darí Mali láti ọdún 2008 títí di ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2010.

Super Eagles

Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2011, wọ́n fi Keshi jẹ akọ́nimọ̀ọ́gbá Super Eagles nípò Samson Siasia, lẹ́yìn tí Nàìjíríà kùnà láti yege fún Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà ti ọdún 2012. Ohun tó ya àwọn ènìyàn lẹ́nu jù nínú iṣẹ́ rẹ̀ ni bí ó ṣe gbára lé àwọn agbábọ́ọ̀lù abẹ́lé. Àwọn ìlúmọ̀ọ́ká bíi Osaze Odemwingie àti Obafemi Martins kò sí lára àwọn tó kó lọ sí South Africa ní ọdún 2013. Lára àwọn tó kó lọ ni Sunday Mba láti Enugu Rangers àti Godfrey Oboabona láti Sunshine Stars ti ìlú Àkúrẹ́.

Ìbẹ̀rẹ̀ ìdíje náà kò dán mọ́rán: ọ̀mì ni Nàìjíríà gbá pẹ̀lú Burkina Faso àti Zambia. Lẹ́yìn tí wọ́n borí Ethiopia, wọ́n bá Côte d'Ivoire pàdé, ìyẹn ikọ̀ tí ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé yóò gba ife náà. Mba ló gbá góòlù tó jẹ́ kí ó parí sí 2 sí 1. Wọ́n fi 4 sí 1 borí Mali, nígbà tó sì di ọjọ́ 10 oṣù Kejì ní Johannesburg, Mba kan náà ló gbá góòlù kan ṣoṣo tí wọ́n fi borí Burkina Faso nínú àṣekágbá.

Ní ọjọ́ kejì, Keshi kéde lórí rédíò pé òun ti kọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀. Ó ti dé etígbọ̀ọ́ rẹ̀ pé wọ́n ti ń gbèrò láti yọ òun kí wọ́n tó pàdé Côte d'Ivoire. Lẹ́yìn ìpàdé pẹ̀lú Mínísítà fún eré ìdárayá, Bolaji Abdullahi, ó yí ìpinnu rẹ̀ padà. Ní ọdún yẹn kan náà, wọ́n jẹ ẹ́ ní owó oṣù mélòó kan.

Nàìjíríà borí Ethiopia ní oṣù Kọkànlá ọdún 2013, wọ́n sì yege fún Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé. Àjọ CAF fún Keshi ní ẹ̀bùn akọ́nimọ̀ọ́gbá tó dára jù lọ ní Áfíríkà fún ọdún náà. Lọ́tẹ̀ yìí, òun fúnra rẹ̀ ló kó ikọ̀ rẹ̀ lọ sí Brazil. Wọ́n gbá ọ̀mì pẹ̀lú Iran, wọ́n sì fi 1 sí òdo borí Bosnia. Odemwingie, tí wọ́n fi sílẹ̀ ní ọdún 2013, ló gbá góòlù náà wọlé. Argentina fi 3 sí 2 borí wọn, síbẹ̀ Nàìjíríà bọ́ sí ìpele ikọ̀ mẹ́rìndínlógún, níbi tí Faransé ti fi 2 sí òdo lé wọn sílé. Keshi ni ọmọ Áfíríkà àkọ́kọ́ tó darí ikọ̀ dé ìpele náà nínú Ife Ẹ̀yẹ Àgbáyé.

Ìgbà tó kẹ́yìn nínú iṣẹ́ rẹ̀ kún fún àìbalẹ̀. Nàìjíríà kùnà láti yege fún Ife Ẹ̀yẹ Ilẹ̀ Áfíríkà ti ọdún 2015, ìyẹn ife tó wà lọ́wọ́ wọn. Wọ́n yọ Keshi, wọ́n dá a padà, wọ́n tún fún un ní àdéhùn tuntun ní oṣù Kẹrin ọdún 2015, àmọ́ ní oṣù Keje ọdún náà ni wọ́n yọ ọ́ pátápátá. Sunday Oliseh, tí òun àti Keshi jọ wà nínú ikọ̀ ọdún 1994, ló rọ́pò rẹ̀.

Ikú rẹ̀

Ní oṣù Kejìlá ọdún 2015, ìyàwó Keshi, Kate, kú lẹ́yìn àìsàn jẹjẹrẹ. Oṣù mẹ́fà lẹ́yìn èyí, ní ọjọ́ 8 oṣù Kẹfà ọdún 2016, Keshi náà kú ní ìlú Benin ní ẹni ọdún 54. Ọmọ mẹ́rin ni wọ́n fi sáyé lọ. Kò pẹ́ lẹ́yìn ikú rẹ̀ tí Shaibu Amodu, ọ̀gá rẹ̀ àtijọ́, náà fi kú ní ìlú Benin kan náà. Illah ni wọ́n sin Keshi sí.

Ìrántí

Ìjọba Ìpínlẹ̀ Delta fi orúkọ rẹ̀ pe pápá ìṣeré tó wà ní Asaba. Níbẹ̀ ni ìdíje eré sísá ilẹ̀ Áfíríkà ti wáyé ní oṣù Kẹjọ ọdún 2018. Ní ọjọ́ 23 oṣù Kìíní ọdún yẹn kan náà, Google fi àwòrán Keshi sí ojú ewé wọn láti sàmì sí ọjọ́ ìbí rẹ̀.