Ojú Tó Ń Wo Eré Ẹlòmíràn: Láti Ilé-Ẹ̀kọ́ Dé Ilé-Ẹjọ́

Níbi tí àwọn àgbà bá ti ń ta ayò lábẹ́ igi odán, òǹwòran máa ń pọ̀ ju àwọn tó jókòó ti ọpọ́n lọ, ẹnu wọn kì í sì í dákẹ́. Ọ̀pẹ tí kò lè ta ayò kan jẹ á máa kọ́ ọ̀ta ní ohun tó yẹ kó ṣe. Ṣùgbọ́n bí ayò bá ti parí, tí wọ́n kó ọmọ ayò padà sínú ihò ní mẹ́rin-mẹ́rin, ohun gbogbo tó ṣẹlẹ̀ ti di ìtàn ẹnu. Bí ẹnìkan bá ní òun rí i tí alátakò kó ọmọ ayò kan mọ́wọ́, àfi kí wọ́n jiyàn títí ilẹ̀ fi ṣú.

Géèmù orí kọ̀ǹpútà kò rí bẹ́ẹ̀. Ó lè pa gbogbo ìṣísẹ̀ mọ́, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, kí ẹlòmíràn sì tún un wò lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá. Láti nǹkan bí ọgbọ̀n ọdún sẹ́yìn ni àwọn eléré ti ń wo ohun tí wọ́n pa mọ́ yìí. Kí ni ó yẹ kí wọ́n máa wá níbẹ̀? Ìdáhùn sí ìbéèrè yẹn ti yí padà ju ẹ̀ẹ̀kan lọ, ó sì ti gba iṣẹ́ lọ́wọ́ àwọn kan.

Ní Oṣù Kejìlá ọdún 1993 ni ilé-iṣẹ́ id Software ní ìpínlẹ̀ Texas, lórílẹ̀-èdè Amẹ́ríkà, gbé géèmù oníbọn kan jáde tí wọ́n pè ní Doom. Ohun kékeré kan wà nínú rẹ̀ tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kò kà sí nígbà náà: ẹni tó ń ṣeré lè ní kí kọ̀ǹpútà gba eré òun sílẹ̀. Kì í ṣe àwòrán ni kọ̀ǹpútà ń gbà sílẹ̀ o. Ohun tí ọwọ́ eléré ń ṣe ló ń kọ sílẹ̀, ní ìgbà 35 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan: ó yí sọ́tùn-ún, ó tẹ̀ síwájú, ó yìnbọn. Bí ẹlòmíràn bá ṣí fáìlì náà lórí kọ̀ǹpútà tirẹ̀, géèmù á tún gbogbo rẹ̀ ṣe bí ẹni pé ọwọ́ àkọ́kọ́ ṣì wà níbẹ̀. Ó dà bí ẹni tó kọ bí wọ́n ṣe ń se ọbẹ̀ ránṣẹ́ dípò kí ó di ìkòkò ọbẹ̀ mọ́ ẹrù. Ìdí nìyí tí fáìlì náà fi kéré tó bẹ́ẹ̀ tí ó lè gba orí wáyà tẹlifóònù ìgbà náà kọjá, nígbà tí fífi fídíò ránṣẹ́ ṣì ṣòro gan-an.

Nígbà tí ilé-iṣẹ́ yìí kan náà gbé Quake jáde ní ọdún 1996, tí àwọn eléré bẹ̀rẹ̀ sí í pàdé ara wọn lórí íntánẹ́ẹ̀tì, fáìlì wọ̀nyí di ọjà. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń jẹ́ Dennis Fong, tí gbogbo wọn mọ̀ sí Thresh, borí ìdíje Quake kan ní ọdún 1997, ó sì gba ọkọ̀ Ferrari tí John Carmack, ọ̀kan lára àwọn tó dá id Software sílẹ̀, fi ṣe ẹ̀bùn. Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí irú ọ̀gá bẹ́ẹ̀ ṣe ń jà kò ní láti wọkọ̀ òfuurufú. Kí ó ṣáà wá fáìlì eré rẹ̀, kí ó jókòó, kí ó wò ó.

Orílẹ̀-èdè Gúúsù Kòríà ni wíwo eré ẹlòmíràn ti kúrò ní ìgbafẹ́, tó di iṣẹ́. Ọrọ̀ ajé ibẹ̀ ṣubú ní ọdún 1997, iṣẹ́ sì bọ́ lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ ènìyàn. Ilé kọ̀ǹpútà tí wọ́n ń pè ní PC bang, níbi tí ènìyàn ti ń san owó díẹ̀ fún wákàtí kan, pọ̀ ní gbogbo àdúgbò. Ní Oṣù Kẹta ọdún 1998, StarCraft jáde láti ọwọ́ Blizzard, ó sì bá àwọn ọ̀dọ́ nílẹ̀ nínú ilé wọ̀nyẹn. Nígbà tó fi máa di ọdún 2000, ilé iṣẹ́ amóhùnmáwòrán kan wà tí kò ní iṣẹ́ méjì ju géèmù lọ, àwọn eléré bíi Lim Yo-hwan sì wá ní olólùfẹ́ bí olórin lẹ́yìn náà.

Ṣùgbọ́n ohun tí kámẹ́rà bá fi hàn nìkan ni ará ilé ń rí. Ọdún 2001 ni Blizzard ṣe àtúnṣe sí géèmù náà, tí ẹnikẹ́ni fi lè pa eré rẹ̀ mọ́ gẹ́gẹ́ bí fáìlì tí wọ́n ń pè ní replay. Àǹfààní tó wà níbẹ̀ kò kéré. Nínú StarCraft, òkùnkùn máa ń bo ibùdó alátakò; o kò lè rí ohun tó ń kọ́ àti iye ọmọ ogun tó ní, àfi bí o bá rán amí. Bí eré bá ti parí, fáìlì á ṣí òkùnkùn náà. Ẹni tí wọ́n nà lè wo gbogbo rẹ̀ láti ojú ẹni tó nà án. Ẹni tó ń pariwo pé oríire ni alátakò fi borí á wá rí i pé ó ti mọ ète òun láti ìṣẹ́jú kẹta. Irú ẹ̀kọ́ yìí máa ń dun ni, àmọ́ òun ló ń sọ ọ̀pẹ di ọ̀ta. Àléébù kan ṣoṣo tí fáìlì náà ní ni pé bí wọ́n bá ti tún géèmù ṣe, fáìlì àtijọ́ lè máà ṣiṣẹ́ dáadáa mọ́, nítorí pé òfin tó fi ń tún ìṣísẹ̀ rẹ̀ ṣe ti yàtọ̀.

Ohun tó ń kọ́ ọ̀rẹ́ lẹ́kọ̀ọ́ lè kọ́ ọ̀tá pẹ̀lú. Àwọn ẹgbẹ́ tó ń gba owó oṣù ní Kòríà ń pa fáìlì ìgbáradì wọn mọ́ bí ẹni ń pa awo mọ́, torí pé ẹni tó bá rí wọn ti mọ ohun tí wọ́n fẹ́ ṣe lọ́jọ́ ìdíje. Ní ọdún 2010, àṣírí tú pé àwọn eléré kan ń gba owó lọ́wọ́ àwọn onítẹ́tẹ́ láti mọ̀ọ́mọ̀ pàdánù. Ìròyìn ìgbà náà sọ pé àwọn kan tilẹ̀ ń kó fáìlì ìgbáradì ẹgbẹ́ wọn fún àwọn onítẹ́tẹ́ náà. Ní oṣù kẹfà ọdún náà, KeSPA, àjọ tó ń darí eré yìí ní Kòríà, lé eléré mọ́kànlá kúrò títí láé. Ma Jae-yoon, tó ti gba ife-ẹ̀yẹ ńlá rí, wà lára wọn.

Lápá ọ̀dọ̀ àwọn òyìnbó, ẹ̀kọ́ ni wọ́n ṣì ń fi í kọ́. Ní ọdún 2009, ọmọ Amẹ́ríkà kan tó ń jẹ́ Sean Plott bẹ̀rẹ̀ ètò kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì, níbi tó ti ń ṣí fáìlì eré àwọn ẹlòmíràn, tó ń dá a dúró, tó ń ṣàlàyé rẹ̀ bí olùkọ́ tó dúró níwájú pátákó. Irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ti wá pọ̀ báyìí débi pé àwọn kan ń jẹun nídìí rẹ̀.

Lẹ́yìn èyí ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í fi ohun ìkọ́ni yìí dá ẹjọ́. Ilé-iṣẹ́ Riot, tó ni League of Legends, ti dá ìgbẹ́jọ́ kan sílẹ̀ ní ọdún 2011 tí àwọn eléré fi ń ka ọ̀rọ̀ èébú tí ẹlòmíràn kọ nínú eré, kí wọ́n tó dìbò bóyá kí ó jìyà tàbí kí wọ́n dárí jì í. Ìyẹn kò pẹ́ títí. Èyí tó lágbára jù ni ti ilé-iṣẹ́ Valve, ní ọdún 2013, fún Counter-Strike: Global Offensive. Wọ́n sọ ọ́ ní Overwatch. Kì í ṣe géèmù tó ń jẹ́ orúkọ kan náà, tí Blizzard gbé jáde ní ọdún 2016, là ń wí.

Nínú Counter-Strike, ẹni márùn-ún ló ń kojú ẹni márùn-ún pẹ̀lú ìbọn. Ojóro tó wọ́pọ̀ jù níbẹ̀ ni kí ènìyàn fi ètò kọ̀ǹpútà kan ríran gba inú ògiri kọjá, tàbí kí ètò náà máa bá a darí ìbọn sí orí alátakò. Valve ti ní ẹ̀rọ tó ń wá irú ètò bẹ́ẹ̀ kiri inú kọ̀ǹpútà, ṣùgbọ́n bí ojóro tuntun bá jáde, ẹ̀rọ náà kò tíì dá a mọ̀. Ojú ènìyàn a máa mọ̀ ọ́n. Ẹni tó ń ríran gba inú ògiri á máa wo ibi tí kò yẹ kí ó wò, á máa tẹ̀lé ẹni tí kò yẹ kí ó mọ̀ pé ó ń bọ̀. Nítorí náà Valve pe àwọn eléré tó ti pẹ́ nídìí rẹ̀, ó fún wọn ní apá kan nínú eré ẹni tí wọ́n fẹ̀sùn kàn, ìpele mẹ́jọ péré, ó sì yọ orúkọ gbogbo ènìyàn kúrò níbẹ̀. Afurasí ni wọ́n kàn pe ẹni tí wọ́n ń wò. Adájọ́ kò mọ̀ ọ́n, òun náà kò sì lè mọ adájọ́. Bí ìdájọ́ bá parí, ó gbọ́dọ̀ jẹ́ pé ẹ̀rí náà kọjá iyèméjì, bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ ní kóòtù. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, kí ó lọ. Ohùn ẹni tí ìdájọ́ rẹ̀ sì ti máa ń bá ti ọ̀pọ̀ mu tẹ́lẹ̀ wúwo ju ti ẹni tuntun lọ.

Ìlànà yìí dára ju ohun tí ọ̀pọ̀ ènìyàn rò lọ, pàápàá nítorí orúkọ tí wọ́n bò. Ẹ wo iye ẹjọ́ tí orúkọ nìkan ti dá láyé yìí. Síbẹ̀, ó ní ihò. Afurasí kò ní agbẹjọ́rò, kò sì lè sọ pé ẹsẹ̀ alátakò ni òun gbọ́ lẹ́yìn ògiri tí òun fi kọjú síbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni ọ̀gá gidi àti oníjóro máa ń jọra lójú ẹni tí kò tó wọn.

Ohun tó fi hàn pé ìbínú ló ń bí ọ̀pọ̀ ẹ̀sùn jáde ni ọ̀rọ̀ tí John McDonald, òṣìṣẹ́ Valve, sọ níbi àpérò àwọn tó ń ṣe géèmù ní San Francisco ní ọdún 2018. Ó ní nínú ẹjọ́ tí àwọn eléré bá gbé wá, ìdá 15 sí 30 nínú ọgọ́rùn-ún péré ni àwọn adájọ́ ń rí i pé ó jẹ̀bi. Ẹni tí wọ́n bá ti nà ni ojóro máa ń hàn sí! Valve ti wá fi àwọn ìdájọ́ àtẹ̀yìnwá kọ́ ẹ̀rọ kan tí wọ́n ń pè ní VACnet, kí ó lè máa wo eré fúnra rẹ̀. Nínú ẹjọ́ tí ẹ̀rọ náà gbé wá, ìdá 80 sí 95 ni wọ́n rí i pé ó jẹ̀bi. Àwọn tó fi òru wo eré ẹlòmíràn láìgba owó oṣù ni ẹ̀rọ náà ti kọ́ iṣẹ́. Bákan náà ló rí ní ìlú London ní ọdún 2019, nígbà tí ilé-iṣẹ́ DeepMind fi fáìlì StarCraft II tó tó 971,000, tí wọ́n ti yọ orúkọ àwọn tó ni wọ́n kúrò, kọ́ AlphaStar, tó padà ga ju ìdá 99.8 àwọn eléré tó wà nínú ìdíje géèmù náà lọ.

Pẹ̀lú gbogbo ojú wọ̀nyí, ti ènìyàn àti ti ẹ̀rọ, ohun kan wà nílẹ̀ tí wọn kò rí. Nínú ìdíje Counter-Strike, akọ́nimọ̀ọ́gbá lè wọlé sínú eré láti wo àwọn ọmọ ẹgbẹ́ rẹ̀, ṣùgbọ́n ohun tí wọ́n ń rí nìkan ló yẹ kí òun náà rí. Àléébù kan wà nínú géèmù náà tó máa ń jẹ́ kí ojú akọ́nimọ̀ọ́gbá dúró gbagidi sí ibì kan lórí pápá, tó sì lè rí àwọn alátakò bí wọ́n ṣe ń kọjá. Ní Oṣù Kẹjọ ọdún 2020 ni ESL, tó ń ṣètò ìdíje, dá akọ́nimọ̀ọ́gbá mẹ́ta dúró nítorí pé wọ́n lo àléébù yìí. Ọkùnrin ará Pólándì kan tó máa ń ṣe alábòójútó ìdíje, Michal Slowinski, kọ ètò kọ̀ǹpútà tó lè yẹ fáìlì eré àtijọ́ wò lọ́pọ̀ yanturu. Àjọ ESIC, tó ń gbógun ti ojóro nínú eré yìí, gbà á síṣẹ́. Nígbà tó di ọjọ́ 28 oṣù kẹsàn-án, akọ́nimọ̀ọ́gbá 37 ni àjọ náà fìyà jẹ.

Ìyà náà kò dọ́gba. Ẹni tí àléébù náà ṣẹlẹ̀ sí fún ìgbà díẹ̀, tí kò sọ fún ẹnikẹ́ni, kò jẹ irú èyí tí ẹni tó lò ó léraléra jẹ, wọ́n sì ṣẹ́ kù fún ẹni tó jẹ́wọ́. Ohun tó ṣòro láti gbà ni pé àwọn eré kan nínú rẹ̀ ti wà nílẹ̀ fún ọdún púpọ̀, níbi tí ẹnikẹ́ni ti lè gbà wọ́n lọ́fẹ̀ẹ́. Àìmọye ọ̀dọ́ ló ti ṣí wọn láti kọ́ bí wọ́n ṣe ń jù bọ́ǹbù tàbí bí wọ́n ṣe ń ṣọ́ ilẹ̀kùn. Akọ́nimọ̀ọ́gbá kò gbé ìbọn, kò sì sí ẹni tó ń wo ẹni tí kò gbé ìbọn. VACnet náà kò kúkú ní ìdí kankan láti wo ibẹ̀, nítorí pé ẹni tó ń yìnbọn ni wọ́n kọ́ ọ láti máa ṣọ́.

Ní ọdún 2022, nígbà tí ìdíje ńlá ti Antwerp kù díẹ̀ kí ó bẹ̀rẹ̀, ESIC tún dá akọ́nimọ̀ọ́gbá mẹ́ta dúró nítorí oríṣi mìíràn àléébù yìí. Wọ́n tún padà sídìí àwọn fáìlì àtijọ́.