Ọmọ Iṣẹ́ Yamamoto

Ọdún 1936 ni Akira Kurosawa, ayàwòrán tí iṣẹ́ ọ̀dà kò tíì lè bọ́, wọ ilé-iṣẹ́ sinimá P.C.L. ní Tokyo, èyí tí ó di Toho lẹ́yìn náà. Láyé ìgbà náà, abẹ́ ọ̀gá ni ẹni tí yóò bá darí sinimá nílẹ̀ Jàpáànì ti ń kọ́ṣẹ́, bí ọmọ alágbẹ̀dẹ ti ń fi ẹwìrì fínná kí ọwọ́ rẹ̀ tó kan ọmọ owú. Iṣẹ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n fi í sí sú u débi pé ó fẹ́ kúrò. Àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ni wọ́n bẹ̀ ẹ́ pé ọ̀gá kò dọ́gba. Ẹ̀bẹ̀ náà ṣe wá lóore, nítorí ọ̀dọ̀ Kajiro Yamamoto ni wọ́n tún gbé e lọ.

Yamamoto ní ẹni tí ó bá fẹ́ darí sinimá gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ mọ ìtàn án kọ, kí ó sì mọ bí a ti ń gé àwòrán tí a sì ń tò ó pọ̀. Kurosawa, ẹni tí a rán níṣẹ́ ẹrú tí ó fi tọmọ jẹ́ ẹ, kò kọ iṣẹ́ kankan. Bí ó sì ti wù kí ó rẹ̀ ẹ́ tó, yóò kọ ìtàn, ìbáà jẹ́ ojú ìwé kan lójúmọ́.

Níbi sinimá Uma, tí ó jáde ní 1941, ọ̀gá ní iṣẹ́ mìíràn ní Tokyo, ó sì fi èyí tí ó pọ̀ lé ọmọ iṣẹ́ rẹ̀ lọ́wọ́. Ibì kan wà níbẹ̀ tí wọ́n ti ta ọmọ ẹṣin, tí ìyá rẹ̀ já jáde, tí ó ń wá a kiri. Kurosawa to àwòrán náà kí ó lè gbóná, ṣùgbọ́n kò wọni lára. Yamamoto wò ó, kò bá a fọwọ́ kàn án. Ó kàn ní eré kọ́ ni èyí, arò ni. Ojú Kurosawa là. Ó yọ gbogbo àwòrán ìtòsí kúrò, ó fi kìkì ti òkèèrè tò ó, tí ìyá ẹṣin ń sáré kiri nínú òru.

Èyí tí ó wú mi lórí jù ni pé bí ọmọ iṣẹ́ bá ya ohun tí kò dára tó, Yamamoto a máa fi í sínú sinimá ara rẹ̀ bẹ́ẹ̀, tí orúkọ ọ̀gá yóò sì ru àléébù náà níta gbangba. Ìgbà tí wọ́n bá rí i lójú aṣọ ni yóò tó wí fún un bí ìbá ti dára jù. Àgbà tí ó bá jẹ àjẹìwẹ̀yìn ni yóò ru igbá rẹ̀ délé, Yamamoto wẹ̀yìn.

Ní 1943 ni Kurosawa darí Sanshiro Sugata, ìtàn ajàjúdò kan, èyí tí òun fúnra rẹ̀ ṣe láti inú ìwé Tsuneo Tomita. Nígbà tí ó yá, tí Hiromichi Horikawa, tí ó ti ràn án lọ́wọ́ níbi sinimá Seven Samurai, ń lọ darí sinimá tirẹ̀ àkọ́kọ́ ní 1955, Kurosawa ni ó jókòó kọ eré náà fún un.