Pẹ́ńsù HB, JAMB àti Ilé Ẹjọ́

Kí kọ̀ǹpútà tó gba ìdánwò JAMB, àjọ tó ń ṣètò ìwọlé sí yunifásítì, pẹ́ńsù HB ni ọmọ tó fẹ́ wọ yunifásítì máa ń wá ṣáájú ohun gbogbo. Ṣáṣá, ní ìjọba ìbílẹ̀ Akínyẹlé, kò jìnnà sí Yunifásítì Ìbàdàn rárá. Síbẹ̀, fún ọmọ àgbẹ̀ ibẹ̀ àti ọmọ ìyá alátà inú ọjà Ṣáṣá, ìdánwò yìí ni ẹnubodè.

Kò rí bẹ́ẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Nígbà tí wọ́n dá Yunifásítì Ìbàdàn sílẹ̀ ní 1948, òun fúnra rẹ̀ ló ń yan akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀. Bí yunifásítì ṣe ń pọ̀ sí i, ẹnì kan lè gba ìwé ìwọlé méjì, mẹ́ta, kí ẹlòmíràn má rí ẹyọ kan. Ìyẹn wà lára ohun tó mú kí ìjọba àpapọ̀ dá JAMB sílẹ̀ ní 1978. Fún ọ̀pọ̀ ọdún, ẹ̀rọ ló ń ka ìdáhùn: kí akẹ́kọ̀ọ́ ṣéèdì àyè kan péré fún ìbéèrè kọ̀ọ̀kan, kó kùn ún dáadáa, kó má fi bírò kàn án, kó sì pa èyí tó ṣì rẹ́ pátápátá. Ẹ̀rọ kì í bi ọmọ léèrè ohun tó ní lọ́kàn. Ẹni tó mọ Físíìsì dunjú lè pàdánù máàkì nítorí àyè méjì tó kùn.

Ṣé ilé ẹjọ́ lè gba irú ọmọ bẹ́ẹ̀ sílẹ̀? Ó ṣòro. Ní 1985, nínú ẹjọ́ tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ pe Ọ̀jọ̀gbọ́n Cyril Onwumechili, tó ti jẹ́ ọ̀gá àgbà Yunifásítì Ifẹ̀, lórí èsì ìdánwò, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní kí wọ́n kọ́kọ́ wá ojútùú nínú yunifásítì. Ní 2005, nínú ẹjọ́ kan tó kan yunifásítì iṣẹ́ àgbẹ̀ ìlú Makurdi, ilé ẹjọ́ náà tún ní iṣẹ́ Sẹ́nẹ́ẹ̀tì yunifásítì ni ọ̀rọ̀ máàkì, kì í ṣe ti adájọ́. Ẹjọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ Màídúgùrì ní 1986 ló yàtọ̀: wọ́n fẹ̀sùn ọ̀daràn kàn wọ́n, wọ́n sì lé wọn kúrò láìgbọ́ tẹnu wọn bó ṣe yẹ. Àwọn adájọ́ dá wọn padà. Ẹni tó ṣéèdì láṣìṣe kò ní irú ìdí bẹ́ẹ̀ láti dì mú.

Bákan náà ló rí ní Íńdíà. Obìnrin kan tó ń ṣe ìdánwò láti di adájọ́ ní ìpínlẹ̀ Tamil Nadu lo pẹ́ńsù nínú ìwé ìdáhùn rẹ̀, lòdì sí ìlànà. Ilé ẹjọ́ ìpínlẹ̀ gbè é; ní 2019, ilé ẹjọ́ tó ga jùlọ ní Íńdíà yí i padà, ó ní ìlànà ìdánwò lágbára bí òfin. Pẹ́ńsù tí JAMB sọ di dandan ló ba tirẹ̀ jẹ́.

Láti 2015, kọ̀ǹpútà nìkan ni wọ́n fi ń ṣe ìdánwò JAMB. Pẹ́ńsù lọ, ìlànà mìíràn dé: nọ́ńbà ìdánimọ̀ NIN di dandan ní 2021, fóònù kò sì gbọ́dọ̀ wọlé. Ṣùgbọ́n ní 2025, JAMB fúnra rẹ̀ ló ṣì í. Àtúnṣe tó yẹ kó dé orí ẹ̀rọ wọn kò dé àwọn ibùdó kan ní Èkó àti ní ẹkùn Owerri. Ọ̀jọ̀gbọ́n Is-haq Olóyèdé, ọ̀gá JAMB, sunkún níwájú àwọn oníròyìn, wọ́n sì ní kí ọmọ 379,997 tún ìdánwò ṣe.

Ìyẹn dára, ó sì yẹ. Ohun tó kù ni kí àánú náà kan ọmọ tó ṣì í láìní ètekéte: kí wọ́n fi ìdáhùn rẹ̀ hàn án, kí wọ́n gbọ́ àlàyé rẹ̀, kí ìlànà sì dé ilé ẹ̀kọ́ abúlé Akínyẹlé kí ọjọ́ ìdánwò tó pé.