Báwo ni fíríìjì àti ẹ̀rọ ìfọṣọ Jàpáànù ṣe bọ́ sọ́wọ́ àwọn ará Ṣáínà?

Ẹni tó bá ra fíríìjì tó ní orúkọ Toshiba lára lónìí, ìbáà jẹ́ ní Jakarta tàbí ní Manila, lè rò pé ọjà Jàpáànù lòun gbé wálé. Ti Jàpáànù ni orúkọ náà lóòótọ́, ṣùgbọ́n láti ọdún 2016 ni iléeṣẹ́ Midea ti Ṣáínà ti ra èyí tó pọ̀ jù nínú òwò náà, pẹ̀lú ẹ̀tọ́ láti máa lo orúkọ Toshiba fún 40 ọdún. Lọ́dún kan náà ni Sharp bọ́ sọ́wọ́ iléeṣẹ́ Foxconn láti Taiwan. Sanyo ti ṣáájú wọn lọ.

Ọ̀rọ̀ kò rí báyìí tẹ́lẹ̀. Ní nǹkan bí 70 ọdún sẹ́yìn, àwọn ará Jàpáànù a máa pe amóhùnmáwòrán, ẹ̀rọ ìfọṣọ àti fíríìjì ní "ìṣúra mímọ́ mẹ́ta". Idà, dígí àti òkúta iyebíye tó jẹ́ ohun oyè ọba ilẹ̀ náà ni wọ́n fi àwọn ẹ̀rọ náà wé. Ní oṣù Kejìlá ọdún 1955, Toshiba gbé ìkòkò oníná jáde, èyí tó ń se ìrẹsì tí iná rẹ̀ sì ń kú fúnra rẹ̀ bí ìrẹsì bá ti jinná. Ìsinmi ńlá ni èyí jẹ́ fún àwọn obìnrin tó ti ń jí ní ìdájí láti ṣọ́ iná.

Ẹsẹ̀ Jàpáànù ni àwọn yòókù jókòó sí kọ́ṣẹ́. Sanyo gan-an ni Samsung ti South Korea bá da òwò pọ̀ lọ́dún 1969, nígbà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọ iṣẹ́ ẹ̀rọ abánáṣiṣẹ́.

Òòlù Qingdao

Ní ìparí ọdún 1984, ìjọba ìlú Qingdao ní Ṣáínà rán Zhang Ruimin, ẹni ọdún 35, lọ darí iléeṣẹ́ fíríìjì kan tí gbèsè ti wọ̀ lọ́rùn. Ipò tó bá a kò ṣeé fẹnu sọ: lára òfin 13 tó kọ́kọ́ ṣe ni pé kí òṣìṣẹ́ kankan má ṣe tọ̀ tàbí yàgbẹ́ sínú gbàgede iṣẹ́.

Lọ́dún 1985, oníbàárà kan mú ẹ̀sùn wá pé fíríìjì tí òun rà kò dára. Zhang yẹ gbogbo èyí tó wà nílẹ̀ wò, ó sì rí 76 tó ní àbùkù. Fíríìjì wọ́n nígbà náà, owó oṣù òṣìṣẹ́ fún nǹkan bí ọdún méjì ni iye ẹyọ kan. Àwọn kan ní kí wọ́n tà wọ́n lówó pọ́ọ́kú fún àwọn òṣìṣẹ́. Zhang kọ̀. Ó ní kí àwọn tó ṣe wọ́n fi òòlù fọ́ wọn túútúú lójú gbogbo ayé.

Iléeṣẹ́ yẹn ló di Haier. Orúkọ náà pàápàá, Liebherr ti Jámánì, tó kọ́ wọn níṣẹ́, ni wọ́n ti gé e jáde, gẹ́gẹ́ bí àwọn ará Ṣáínà ṣe ń pè é. Midea ní tirẹ̀ bẹ̀rẹ̀ lọ́dún 1968 ní abúlé Beijiao, níbi tí He Xiangjian àti àwọn aládùúgbò rẹ̀ ti ń ṣe ìdérí ìgò.

Kí ló dé tí Jàpáànù fi tà?

Kì í ṣe àìmọ̀ọ́ṣe. Fíríìjì ti di ohun tí ọ̀pọ̀ iléeṣẹ́ lè ṣe, èrè orí rẹ̀ sì ti fẹ́lẹ́. Owó iṣẹ́ wọ́n ní Jàpáànù, iye ènìyàn ibẹ̀ sì ń dínkù. Ní Ṣáínà, ọjà abẹ́lé nìkan tó láti sọ iléeṣẹ́ di òmìrán. Láti ìparí ọdún 2007 ni ìjọba ibẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í dá ìdá 13 nínú ọgọ́rùn-ún owó ẹ̀rọ padà fún àwọn ará oko tó bá rà á. Ó kọ́kọ́ jẹ́ ní Shandong, Henan àti Sichuan, kó tó di ti gbogbo orílẹ̀-èdè lọ́dún 2009.

Nígbà tí Panasonic gba Sanyo tán, ohun tó ti ní náà ni Sanyo tún ń ṣe. Ó ta ẹ̀ka ẹ̀rọ ìfọṣọ àti fíríìjì rẹ̀ ní Jàpáànù, Indonesia, Malaysia, Philippines àti Vietnam fún Haier. Haier ń ta èyí tó pọ̀ nínú wọn pẹ̀lú orúkọ Aqua. Lọ́dún 2012, ó tún gba Fisher & Paykel, iléeṣẹ́ New Zealand tó ti wà láti ọdún 1934. Toshiba ní tirẹ̀ kó sí wàhálà lọ́dún 2015, nígbà tí àṣírí tú pé ó ti ń bu iyọ̀ sí èrè rẹ̀ nínú ìwé ìṣirò owó fún ọ̀pọ̀ ọdún.

Ibi tí ìjà kù sí báyìí ni Íńdíà, níbi tí ooru ti ń mú kí àwọn ènìyàn máa sáré ra ẹ̀rọ amúlétutù. Ìjọba ibẹ̀ kò fẹ́ kí ọjà òkèèrè gba ojú òwò náà: ní oṣù Kẹwàá ọdún 2020, ó fòfin de kíkó ẹ̀rọ amúlétutù tí wọ́n ti rọ gáàsì sí wọlé.

Ọ̀rọ̀ náà kan Nàìjíríà pẹ̀lú, níbi tí orúkọ Haier ti so mọ́ Thermocool. Ẹni tó bá fẹ́ mọ ẹni tó ṣe ẹ̀rọ tó ń rà, kó wo ẹ̀yìn rẹ̀. Orúkọ olùṣe àti ìlú tí wọ́n ti ṣe é sábà máa ń wà lára bébà tàbí irin pẹlẹbẹ tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ibẹ̀.