Orúkọ Inú Eré àti Orúkọ Àmútọ̀runwá: Àgbéyẹ̀wò Iṣẹ́ Òjó Arówóṣafẹ́ (Fádèyí Olóró)

Ìfáárà

Bí a bá béèrè lọ́wọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ wa pé ta ni Òjó Arówóṣafẹ́, díẹ̀ nínú wọn ni yóò lè dáhùn. Ṣùgbọ́n bí a bá dárúkọ Fádèyí Olóró, àwọn òbí wọn pàápàá yóò dá sí ọ̀rọ̀ náà. Ẹnì kan náà ni. Yorùbá bọ̀, wọ́n ní ilé là á wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ. Ti òṣèré yàtọ̀. Nínú àpilẹ̀kọ yìí, a fẹ́ fi iṣẹ́ ọkùnrin yìí, tí ó di olóògbé ní oṣù karùn-ún ọdún 2024, ṣe àlàyé ohun tí orúkọ inú eré ń fún òṣèré àti ohun tí ó ń gbà lọ́wọ́ rẹ̀.

Inú Ẹgbẹ́ Eré

Kí fíìmù Yorùbá tó bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Àjàní Ògún ní ọdún 1976 ni ẹgbẹ́ eré alárìnjó ti wà. Ọ̀gá ni ó ni ẹgbẹ́. Orúkọ tirẹ̀ ni aráyé ń rí lára ọkọ̀ àti ìwé ìpolówó. Ọmọ ẹgbẹ́ ń ṣeré, ó ń lùlù, ó sì ń to ìtàgé. Jimoh Aliu, ọmọ Òkè-Ìmẹ̀sí, kọ́ iṣẹ́ yìí lọ́dọ̀ Akin Ògúngbè láti ọdún 1959, kí ó tó dá ẹgbẹ́ tirẹ̀ sílẹ̀ ní ọdún 1966. Eré rẹ̀, Àrélù, tí àwọn ènìyàn wò lórí tẹlifíṣọ̀n ní àwọn ọdún 1980, ni ó sọ Arówóṣafẹ́ di Fádèyí Olóró. Òun nìkan kọ́. Jimoh Aliu fúnra rẹ̀ di Àwòrò. Fọlákẹ́ Àrẹ̀mú sì di Òrìṣàbùnmi. Eré kan ṣoṣo ni ó pa orúkọ ènìyàn mẹ́ta dà.

Irú Orúkọ Wo Ni?

Àwa olùkọ́ mọ̀ pé Òjó wà lára orúkọ àmútọ̀runwá. Ọmọkùnrin tí ó gbé ìwọ́ kọ́rùn wáyé ni à ń pè bẹ́ẹ̀. Síbẹ̀, orúkọ inú eré borí rẹ̀. Kì í ṣe àbísọ, kì í sì í ṣe oríkì. Ó súnmọ́ ìnagijẹ, ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ ẹni ni ó sábà máa ń fún ni ní ìnagijẹ. Òǹwòran tí kò bá òṣèré pàdé rí ni ó ń so orúkọ inú eré mọ́ ọn lára. Ohun tí ó so ti Fádèyí mọ́ Arówóṣafẹ́ ni ohùn rẹ̀, aṣọ tí a to oògùn sí, àti ọfọ̀. Ó ṣeé ṣe kí ó jẹ́ pé ẹnu rẹ̀ ni àwọn ọmọ ìlú ńlá kan ti kọ́kọ́ gbọ́ ọfọ̀, kí àwa tó kọ́ wọn ní kíláàsì.

Èrè àti Gbèsè

Lẹ́yìn ọdún 1986 tí náírà já wálẹ̀, owó fíìmù di ohun tí apá kò ká mọ́; fídíò ni ó gba ipò rẹ̀. Irú ẹ̀dá-ìtàn tí a ti mọ òṣèré mọ́ ni àwọn olóòtú ń wá. Ọ̀nà àáró ni àwọn ọ̀gá fi ń bá ara wọn ṣe é: bá mi ṣe tèmi, n ó bá ọ ṣe tìrẹ. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó ní oko ni àáró ń ṣe láǹfààní. Òṣèré tí kò ní fíìmù tirẹ̀, kí ni yóò gbà padà? Nígbà tí àìsàn dé sí Arówóṣafẹ́, ó bẹ̀bẹ̀ fún ìrànlọ́wọ́ ní gbangba. Fádèyí ni ó ní òkìkí. Òjó ni àìsàn ń ṣe.

Ìkádìí

Jimoh Aliu papòdà ní ọdún 2020, Fọlákẹ́ Àrẹ̀mú ní ọdún 2021. A rọ ẹ̀yin olùkọ́ àti olùdánwò ẹlẹgbẹ́ wa pé, bí a bá ń kọ́ni ní eré-oníṣe, kí a máa béèrè orúkọ méjèèjì: ti ẹ̀dá-ìtàn àti ti ẹni tí ó gbé e wọ̀. Bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ìtàn eré Yorùbá yóò di ìtàn àwọn ọ̀gá nìkan.