Ẹ̀bi Tí Kì Í Ṣe Ti Ìyá: Ohun Tí Ìbejì Kọ́ Ayé Nípa Ọ́tísìmù

Wọ́n ní ọmọ tí ó dára ni ti bàbá, èyí tí kò dára ni ti ìyá. Ìtàn ọ́tísìmù fi hàn pé kì í ṣe ilẹ̀ Yorùbá nìkan ni a ti ń di irú ẹrù bẹ́ẹ̀ ru ìyá.

Ní ọdún 1943, Leo Kanner, oníṣègùn ní ìlú Baltimore ní Amẹ́ríkà, kọ̀wé nípa ọmọ 11 tí ìbáṣepọ̀ pẹ̀lú ènìyàn nira fún. Ó ní a bí i mọ́ wọn ni, ṣùgbọ́n ó fi kún un pé púpọ̀ nínú àwọn òbí wọn kò lọ́yàyà. Ọ̀rọ̀ kejì yìí ni ayé gbá mú. Àwọn oníṣègùn bẹ̀rẹ̀ sí í sọ fún ìyá pé àìnífẹ̀ẹ́ rẹ̀ ni ó fà á. Bernard Rimland, tí ọmọ tirẹ̀ ní ọ́tísìmù, fi ìwé kan takò wọ́n ní 1964. Síbẹ̀, Bruno Bettelheim tún fi ìwé tirẹ̀ gbe èrò náà lẹ́yìn ní 1967.

Ìbejì ni ó tú àṣírí. Ní 1977, Susan Folstein àti Michael Rutter tẹ ìwádìí wọn lórí ìbejì 21, ọmọ 42 lápapọ̀, jáde ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Nínú ìbejì 11 tí ẹyin kan ṣoṣo pín di méjì, Táyé àti Kẹ́yìndé jọ ní ọ́tísìmù nínú 4. Nínú 10 tí ó ti inú ẹyin méjì wá, kò sí ìkankan. Ìyá kan náà ni ó tọ́ ìbejì kọ̀ọ̀kan. Bí wọ́n ṣe pín ohun àjogúnbá ni ó yàtọ̀.

Ìwádìí tí ó tẹ̀ lé e fi ìdí ipa àjogúnbá múlẹ̀, bí kì í tilẹ̀ ṣe òun nìkan ni okùnfà. Láti ọ̀dọ̀ bàbá àti ìyá ni àjogúnbá sì ti ń wá. Kò sí òbí tí ó yan èyí tí yóò fún ọmọ rẹ̀.