Ṣé Dandan Ni Kí Fábùnmi Di Jésùbùnmi? Ìtumọ̀ àti Ìpìlẹ̀ Orúkọ Wa

Bí ènìyàn bá ṣí ìwé tí a ń kọ orúkọ ọmọ ìjọ sí ní agbègbè Mowe, Ibafo àti Ifo ní Ìpínlẹ̀ Ògùn, yóò rí ohun tí kò ṣàjèjì sí àwọn àlùfáà wa. Ẹ̀gbọ́n ń jẹ́ Ògúnbíyìí, àbúrò rẹ̀ tí wọ́n jọ jẹ́ ọmọ baba kan náà ń jẹ́ Jésùbíyìí, ẹ̀kẹta wọn sì ń jẹ́ Olúbíyìí. Ìgbàgbọ́ ni ó mú kí àwọn méjì yìí pààrọ̀ orúkọ. Ṣùgbọ́n ní ọjọ́ tí baba bá fi ayé sílẹ̀, tí a sì ní kí àwọn ọmọ mú ìwé wá láti fi hàn pé tirẹ̀ ni wọ́n, ìyàtọ̀ orúkọ yìí a máa dá wàhálà sílẹ̀. Nítorí náà ni a ṣe rí i pé ó yẹ kí a wo ìpìlẹ̀ orúkọ wa, kí a lè mọ ohun tí a ń yí padà kí a tó yí i.

Oríṣi orúkọ tí Yorùbá ní

Àlùfáà Samuel Johnson, nínú ìwé ìtàn àwọn Yorùbá tí ó kọ parí ní ọdún 1897, tí a sì tẹ̀ jáde ní 1921, pín orúkọ wa sí ọ̀nà mẹ́ta: àmútọ̀runwá, àbísọ àti oríkì.

Orúkọ àmútọ̀runwá ń sọ bí ọmọ ṣe wá sí ayé. Àjàyí ni ọmọ tí ó dojú bolẹ̀ wá. Ìgè ni èyí tí ó mú ẹsẹ̀ ṣáájú. Òjó ni ọkùnrin tí ó gbé ibi kọ́ ọrùn wá, Àìná sì ni obìnrin. Irú rẹ̀ náà ni Táíwò, Kẹ́hìndé, Ìdòwú àti Àlàbá. Kò sí orúkọ òrìṣà kankan nínú wọn. Nígbà tí a ṣe ìrìbọmi fún Àjàyí, ọmọ Òṣogùn, ní Sàró ní ọjọ́ 11 oṣù Kejìlá ọdún 1825, ó gba Samuel Crowther, orúkọ àlùfáà Gẹ̀ẹ́sì kan, ṣùgbọ́n kò ju Àjàyí nù. Òun náà ni ó di bíṣọ́ọ̀bù ní ọdún 1864.

Orúkọ àbísọ ń sọ ipò tí ìdílé wà nígbà tí a bí ọmọ, tàbí ohun tí a mọ ìdílé náà mọ́. Ilé ọba ni Adé ti ń wá, ilé ọlọ́dẹ ni Ọdẹ, ilé onílù ni Àyàn. Ilé babaláwo ni Ifá tí a gé kúrú sí Fá, bí i Fábùnmi. Àwọn alágbẹ̀dẹ, ọdẹ àti jagunjagun ni wọ́n sábà máa ń jẹ́ Ògún. Àwọn òbí tí ikú ti dá lóró ni wọ́n ń sọ ọmọ ní Málọmọ́ tàbí Dúróṣinmí, ẹ̀bẹ̀ sì ni orúkọ bẹ́ẹ̀.

Oríkì ní tirẹ̀ jẹ́ orúkọ ìkẹ́, bí i Àjàní àti Àbẹ̀kẹ́.

Ibi tí orúkọ bàbá ti wá

Láyé àtijọ́, àwọn baba wa kì í fi orúkọ kan ṣoṣo ṣe àjogúnbá láti ìran dé ìran. Oríkì orílẹ̀ ni a fi ń mọ ìdílé tí ènìyàn ti wá. Nígbà tí ilé ìwé, ìjọ àti ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í kọ orúkọ sílẹ̀, wọ́n béèrè orúkọ bàbá, orúkọ tí baba tàbí baba-ńlá ń jẹ́ lákòókò náà sì di ti gbogbo ìran rẹ̀. Kì í ṣe àwa nìkan. Láàrin àwọn Gẹ̀ẹ́sì, alágbẹ̀dẹ ni ìtumọ̀ Smith, bẹ́ẹ̀ ni ọ̀pọ̀ tí ń jẹ́ ẹ lónìí kò mọ bí a ti ń fẹ́ ẹwìrì. Ní ilẹ̀ Tọ́kì, òfin ọdún 1934 ni ó sọ orúkọ ìdílé di dandan.

Nítorí náà, Fá tàbí Ògún nínú orúkọ bàbá ń sọ ìtàn ilé tí a ti ṣẹ̀ wá. Kò sọ ohun tí ẹni tí ń jẹ́ ẹ gbàgbọ́ lónìí. Ẹ wo olóògbé D. O. Fágúnwà, tí a bí ní Òkè-Igbó ní 1903. Oròwọlé tí a kọ́ sọ ọ́ yí padà sí Ọlọ́runfẹ́mi, ṣùgbọ́n Fágúnwà ni orúkọ bàbá rẹ̀ títí di ọjọ́ ikú rẹ̀ ní 1963.

Ó yẹ kí a rántí pẹ̀lú pé ìtara ìgbà kan yàtọ̀ sí ti òmíràn. Ní ọdún 1894, David Brown Vincent, àgbà oníwàásù Onítẹ̀bọmi ní Èkó, bọ́ orúkọ òyìnbó sílẹ̀, ó sì di Mojola Agbebi, nítorí ó gbà pé Kristẹni lè jẹ́ orúkọ Yorùbá.

Ohun tí Bíbélì fi hàn

Òtítọ́ ni pé Ọlọ́run yí Abramu padà sí Abrahamu (Gẹ́nẹ́sísì 17:5), ó sì sọ Jakọbu di Israẹli. Ọlọ́run fúnra rẹ̀ ni ó pàṣẹ, májẹ̀mú sì wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ Saulu kò rí bí ọ̀pọ̀ ti ń wàásù rẹ̀. Ó ronúpìwàdà ní Ìṣe Àwọn Aposteli orí 9, síbẹ̀ Saulu ni a ṣì ń pè é títí dé orí 13:9, níbi tí a ti sọ pé ó ń jẹ́ Paulu pẹ̀lú.

Ẹ jẹ́ kí a tún wo Epafroditu. Inú orúkọ Afrodite, òrìṣà àwọn Gíríìkì, ni orúkọ rẹ̀ ti jáde. Síbẹ̀ Paulu pè é ní arákùnrin àti alábàáṣiṣẹ́ (Fílípì 2:25), kò sì sọ fún un pé kí ó lọ pààrọ̀ orúkọ. Òrìṣà Gíríìkì ni orúkọ Apollo àti Herme náà tọ́ka sí.

Ìmọ̀ràn wa

A kò bá ẹni tí ó ti yí orúkọ padà wí. Bí ọkàn ẹnìkan kò bá balẹ̀ lórí orúkọ rẹ̀, ó ní ẹ̀tọ́ láti yí i. Ṣùgbọ́n kí ó kọ́kọ́ béèrè ìtumọ̀ lọ́wọ́ àwọn àgbà ilé, nítorí ọ̀pọ̀ ti sá fún orúkọ tí kò ní òrìṣà nínú. Kí ó bá àwọn ọmọ baba rẹ̀ sọ̀rọ̀, kí wọ́n lè fẹnu kò sí orúkọ kan bí ó bá ṣeé ṣe. Lẹ́yìn náà, kí ó ṣe ìwé ìbúra ní ilé ẹjọ́, kí ó polówó rẹ̀ nínú ìwé ìròyìn, kí ó sì tún orúkọ ṣe ní báǹkì, lórí ìwé ẹ̀rí àti lọ́dọ̀ ìjọba. Ẹni tí ó bá ṣe é dé ìdajì ni ìyà máa ń jẹ.

Ẹ̀yin àlùfáà wa, ẹ má ṣe fi ìyípadà orúkọ ṣe òṣùwọ̀n ìgbàlà. Ọjọ́ kẹjọ, nígbà tí a bá ń kó ọmọ jáde, ni àǹfààní wa pọ̀ jù: níbẹ̀ ni a lè sọ ọmọ ní orúkọ tí ń yin Olúwa, láìfọwọ́ kan orúkọ tí yóò so ó pọ̀ mọ́ àwọn ẹ̀gbọ́n àti àbúrò rẹ̀.

Kí Olúwa kọ orúkọ gbogbo wa sínú Ìwé Ìyè. Àmín.